“Prorogue”: báwo ni ọ̀rọ̀ tó ní kí á fa ọjọ́ gùn ṣe di ohun tí wọ́n fi ń ti ilé aṣòfin?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Mo ka ìròyìn kan nípa ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin Ìlú Ọba, mo sì rí ọ̀rọ̀-ìṣe Gẹ̀ẹ́sì kan níbẹ̀, “prorogue”. Ìwé atúmọ̀-èdè kan ní ó túmọ̀ sí kí á fòpin sí sáà ìjókòó ilé aṣòfin. Òmíràn ní inú “prorogare” ti èdè Látìn ló ti wá, pé ìtumọ̀ ìyẹn ni kí á mú nǹkan gùn sí i. Báwo ni “mú gùn” ṣe di “fòpin sí”? Ṣé ohun kan náà ni pẹ̀lú “adjourn” àti “dissolve”? Ẹnì kan tún sọ fún mi pé ọmọ ìyá kan náà ni òun, “abrogate” àti “derogate” tí àwọn lọ́yà máa ń lò. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ là á yé mi.

Ìdáhùn: Ẹ ṣeun púpọ̀. Òótọ́ ni ìwé atúmọ̀-èdè méjèèjì tí ẹ wò sọ. Ohun tí wọn kò sọ fún yín ni ohun tí wọ́n ń mú gùn gan-an. Kì í ṣe ìjókòó ni wọ́n ń mú gùn. Ọjọ́ ni wọ́n ń sún síwájú. Bí ọba Gẹ̀ẹ́sì bá “prorogue” ilé aṣòfin, ilé náà kò tú ká, kò sì sẹ́ni tó pàdánù ipò rẹ̀ nínú àwọn aṣòfin. Ọjọ́ tí wọn yóò tún jókòó ni wọ́n gbé lọ síwájú, wọ́n sì pa sáà tó wà nílẹ̀ dé. Ẹni tó bá ń wo ọjọ́ tó ń bọ̀ á ní wọ́n sún nǹkan síwájú. Ẹni tó bá ń wo iṣẹ́ tó ṣẹ́kù nílẹ̀ á ní wọ́n fòpin sí i. Ọ̀rọ̀ kan náà ni àwọn méjèèjì ń sọ.

Kí á tú u sí wẹ́wẹ́. “Pro” ni “síwájú”. “Rogare” ni “béèrè”. Ẹ jẹ́ kí á dúró díẹ̀ níbi “béèrè” yìí, torí pé àwọn ìwé atúmọ̀-èdè máa ń sáré kọjá níbẹ̀, ibẹ̀ sì ni ìdí ọ̀rọ̀ wà. Kí ló kan ìbéèrè nínú kí á fi ọjọ́ kún ọjọ́?

Ní Róòmù àtijọ́, nínú ìbéèrè ni òfin ti ń jáde. Aláṣẹ tó bá fẹ́ kí òfin kan wà kò lè dá a pa láṣẹ. Ó ní láti pe àwọn ọmọ ìlú jọ, kí ó sì bi wọ́n léèrè. Gbólóhùn tó fi ń bẹ̀rẹ̀ ni “Velitis, iubeatis, Quirites”, ìyẹn: ṣé ẹ fẹ́, ṣé ẹ pa á láṣẹ, ẹ̀yin ọmọ Róòmù, pé kí nǹkan báyìí rí báyìí? Lẹ́yìn tó bá ti ka gbogbo àbá náà tán, á wá parí rẹ̀ pé “ita vos, Quirites, rogo”: bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe béèrè lọ́wọ́ yín. Orúkọ tí wọ́n ń pe àbá òfin fúnra rẹ̀ ni “rogatio”, ìbéèrè. Ẹni tó bá fara mọ́ ọn á dáhùn pé “uti rogas”, gẹ́gẹ́ bí o ti béèrè. Ẹni tí kò bá fara mọ́ ọn á ní “antiquo”, kí nǹkan wà bó ṣe wà tẹ́lẹ̀.

Ẹnu ni wọ́n fi ń dáhùn fún ìgbà pípẹ́, gbogbo ayé sì ń gbọ́ ohun tí kálukú sọ. Ní ọdún 131 ṣáájú ìbí Jésù, òfin kan tí wọ́n ń pè ní Lex Papiria sọ ọ́ di ìbò ìkọ̀kọ̀: pátákó kékeré ni wọ́n ń lò, V fún “uti rogas” (V ni àwọn ará Róòmù fi ń kọ U), A fún “antiquo”. Owó fàdákà kan wà tí Lucius Cassius Longinus rọ ní nǹkan bí ọdún 63 ṣáájú ìbí Jésù, tí àwọn ilé ìṣẹ̀ǹbáyé ṣì ní lọ́wọ́ títí dòní. Ọkùnrin kan tó wọ aṣọ tógà ló wà lẹ́yìn owó náà, ó dúró, ó na ọwọ́, ó ń ju pátákó ìbò sínú àpótí. Lẹ́tà V hàn ketekete lára pátákó náà. Ohun tí ọkùnrin yẹn ń ṣe lójú owó fàdákà ni pé ó ń dáhùn “rogatio”.

Nígbà tí èyí bá ti yé wa, “prorogare” kò le mọ́. Kọ́ńsùlù méjì, ìyẹn àwọn olórí ìlú àti ti ogun, ni Róòmù ń yàn lọ́dọọdún, ọdún kan péré sì ni wọ́n ń lò. Ètò yìí dára nígbà tí ogun bá wà nítòsí. Ṣùgbọ́n ní ọdún 327 ṣáájú ìbí Jésù, kọ́ńsùlù kan tó ń jẹ́ Quintus Publilius Philo dó ti Palaepolis, ìlú àwọn Gíríìkì lẹ́bàá ibi tí Naples wà lónìí, ọdún rẹ̀ sì ń lọ sópin nígbà tí ọwọ́ rẹ̀ ti fẹ́rẹ̀ẹ́ tẹ ìlú náà. Bí wọ́n bá pè é wálé, ẹni tó bá rọ́pò rẹ̀ á ṣẹ̀ṣẹ̀ máa kọ́ bí ilẹ̀ ibẹ̀ ṣe rí. Sẹ́nétì bá ní kí àwọn tíríbúnù, ìyẹn àwọn tí ará ìlú yàn láti máa gbẹnu sọ fún wọn, gbé e lọ síwájú àwọn ọmọ ìlú: tí Publilius bá kúrò nípò kọ́ńsùlù, ṣé kí ó máa bá ogun náà lọ gẹ́gẹ́ bí ẹni tó dípò kọ́ńsùlù, títí wọn yóò fi ṣẹ́gun àwọn Gíríìkì? Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe fi í sílẹ̀ lójú ogun wọ ọdún 326. Òun sì ni ẹni àkọ́kọ́ tí ìtàn Róòmù dárúkọ pé wọ́n ṣe irú èyí fún.

Ohun tí “prorogare” jẹ́ gan-an nìyẹn: kí á béèrè lọ́wọ́ ìlú pé kí agbára ẹnì kan rìn kọjá gbèdéke rẹ̀. “Béèrè” kò ṣàdédé di “mú gùn”. Ìbéèrè ni ọ̀nà tí wọ́n ń gbà mú un gùn, orúkọ ọ̀nà náà ló sì lẹ̀ mọ́ iṣẹ́ náà. Nígbà tó yá, Sẹ́nétì nìkan ló ń fọwọ́ sí i, wọn kò bi ọmọ ìlú kankan mọ́, ṣùgbọ́n “rogare” kò kúrò nínú orúkọ rẹ̀.

Kì í ṣe gbogbo ènìyàn ló ń fẹ́ kí wọ́n ṣe é fún òun o. Nígbà tí Cicero, olóṣèlú Róòmù kan, lọ ṣe gómìnà ní Cilicia, ní gúúsù ilẹ̀ Tọ́kì òde òní, ní ọdún 51 ṣáájú ìbí Jésù, léraléra ló ń kọ lẹ́tà sí àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní Róòmù pé kí wọ́n má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi ọjọ́ kún ọdún kan tí wọ́n fún òun. Ní ti Julius Caesar, òfin ọdún 59 fún un ní ọdún márùn-ún ní Gọ́ọ̀lù, òfin ọdún 55 sì fi márùn-ún mìíràn kún un. Ọ̀gágun tó bá pẹ́ bẹ́ẹ̀ lọ́dọ̀ àwọn ọmọ ogun rẹ̀, òun ni wọ́n máa ń mọ̀ ní ọ̀gá, wọn kì í mọ Róòmù mọ́. Ní ọdún 49, Caesar kó àwọn ọmọ ogun yẹn kọjá odò Rubicon, ogun abẹ́lé sì bẹ́ sílẹ̀.

Àwọn èdè tí Látìn bí kò yí ìtumọ̀ yìí padà rárá. Bí ẹ bá wà ní Kétu, ní Àjàṣẹ́ tàbí ní Lomé, tí ẹ sì kàwé ní èdè Faransé, “proroger un délai” kò ṣàjèjì sí yín: kí á sún gbèdéke síwájú ni. Ní ilẹ̀ Sípéènì, “prórroga” ni wọ́n ń pe ọgbọ̀n ìṣẹ́jú tí wọ́n ń fi kún bọ́ọ̀lù àṣekágbá nígbà tí ọ̀mì bá wáyé. Àwọn ará Brazil ń pè é ní “prorrogação”. Níbí yìí gan-an ni àwọn ògbufọ̀ ti máa ń ṣubú. Bí ìwé ìròyìn Kútọnu bá kọ ọ́ pé wọ́n “prorogé le mandat” ti ẹnì kan, wọ́n fi kún sáà onítọ̀hún ni. Ẹni tó bá wá gbé e sí Gẹ̀ẹ́sì pé wọ́n “prorogued” sáà náà ti da ọ̀rọ̀ rú, nítorí pé ohun tí Gẹ̀ẹ́sì òde òní máa gbọ́ ni pé wọ́n pa nǹkan dé. “Extended” ni kí ó kọ.

Láti inú Faransé ni ọ̀rọ̀ náà ti wọ inú Gẹ̀ẹ́sì ní nǹkan bí ọgọ́rùn-ún ọdún kẹẹ̀ẹ́dógún. Ó kọ́kọ́ mú “fi ọjọ́ kún” wọlé pẹ̀lú ara rẹ̀, lẹ́yìn náà ló di “sún síwájú”. Títí di àsìkò Shakespeare, “sún síwájú” ṣì yé gbogbo ènìyàn. Nínú Romeo and Juliet, nígbà tí wọ́n fẹ́ fi tipátipá fa Juliet fún ọkọ lọ́jọ́ Ọjọ́bọ̀, àlùfáà sọ fún un pé òun gbọ́ pé kò sí ohun tó lè “prorogue” ìgbéyàwó náà. Kò sí ohun tó jọ ilé aṣòfin níbẹ̀. Ohun tó ń sọ ni pé ọjọ́ náà kò ṣeé yẹ̀.

Ilé aṣòfin ló gba ọ̀rọ̀ náà mọ́ gbogbo nǹkan yòókù lọ́wọ́. Ọba á kéde pé òun “prorogue” ilé aṣòfin “di” ọjọ́ báyìí. Ẹ wo “di” yẹn dáadáa, òun ló gbé ìtumọ̀ Látìn dání: ẹ̀mí ilé náà ń bá a lọ títí di ọjọ́ tí wọ́n dá. Ṣùgbọ́n ohun tí aṣòfin rí lọ́jọ́ náà ni pé wọ́n ní kí òun máa lọ sílé. Bí ọdún ti ń gorí ọdún, ìlọsílé ni etí ń gbọ́, “di ọjọ́ báyìí” sì ń parẹ́ lẹ́yìn gbólóhùn. Lónìí akọ̀ròyìn lè kọ “Parliament was prorogued” kí ó dákẹ́ síbẹ̀, láìsọ ọjọ́ kankan. Bí ọ̀rọ̀ ṣe ń fi ìdajì ara rẹ̀ sílẹ̀ lọ́nà nìyẹn. Bí ẹ bá fẹ́ gbé e sí Yorùbá, ẹ má fi ìdajì náà sílẹ̀: “Wọ́n ti parí sáà ìjókòó ilé aṣòfin, ó di ọjọ́ báyìí kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ òmíràn.”

Ó ku “adjourn” àti “dissolve”. Ẹ ronú ilé-ìwé. “Adjourn” ni kí agogo lù pé ó di ọ̀la, tàbí kí wọ́n lọ fún ìsinmi àárín sáà. Ẹ̀kọ́ tó wà lójú pátákó ṣì wà níbẹ̀ nígbà tí wọ́n bá dé. “Prorogue” ni kí ọdún ẹ̀kọ́ parí, kí wọ́n nu pátákó, kí wọ́n sì dá ọjọ́ ìwọlé ọdún tuntun fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ kan náà. “Dissolve” ni kí gbogbo akẹ́kọ̀ọ́ gba ìwé ẹ̀rí jáde pátápátá, kí ilé-ìwé wá gba ọmọ tuntun.

Ní Ìlú Ọba, ọwọ́ ilé fúnra rẹ̀ ni “adjourn” wà. Wọ́n á fẹnu kò pé ó di ọ̀la tàbí ó di ẹ̀yìn ọlidé, àbá òfin á dúró síbi tó dé, àwọn ìgbìmọ̀ kéékèèké sì lè máa jókòó lọ. “Prorogue” kò sí lọ́wọ́ ilé. Agbára ọba ni, olórí ìjọba ló ń gba ọba nímọ̀ràn lórí rẹ̀, àwọn aṣòfin kì í dìbò sí i. Bó bá ti ṣẹlẹ̀, ìgbìmọ̀ kankan kò gbọdọ̀ jókòó, ìbéèrè tí aṣòfin kọ sí mínísítà tí kò tíì rí èsì ti já sófo, àbá òfin tí ọba kò sì tíì fọwọ́ sí kú síbẹ̀, àfi èyí tí ilé ti fọwọ́ sí tẹ́lẹ̀ pé kí wọ́n gbé kọjá sí sáà tó ń bọ̀. Ìdí nìyí tí àwọn mínísítà fi máa ń sáré lọ́sẹ̀ tó kẹ́yìn sáà. Àbá tó bá ku ìgbésẹ̀ kan ṣoṣo kó di òfin lè ṣòfò, kí wọ́n sì tún bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀. “Dissolve” ní tirẹ̀, ìbò gbogbogbòò ló tẹ̀ lé e. Kò sí ọmọ House of Commons, ilé tí àwọn ará ìlú ń dìbò yàn, kankan mọ́ títí wọn yóò fi dìbò tán.

Inú House of Lords, ilé àwọn olóyè, ni ayẹyẹ “prorogue” ti ń wáyé. Àwọn olóyè mélòó kan tí ọba fi iṣẹ́ rán máa ń jókòó nínú aṣọ ìgúnwà pupa, ìránṣẹ́ tí wọ́n ń pè ní Black Rod á lọ pe àwọn ará House of Commons, wọ́n á sì wá dúró lẹ́nu ààlà láìjókòó. Wọ́n á ka orúkọ àwọn òfin tó ṣẹ́kù fún ìfọwọ́sí. Akọ̀wé á dáhùn lórí ọ̀kọ̀ọ̀kan ní Faransé àtijọ́ pé “Le Roy le veult”, ọba fẹ́ ẹ. Lẹ́yìn náà ni wọ́n á kéde pé ilé ti “prorogued” di ọjọ́ tí wọ́n dá. Ní Róòmù, ìlú ni wọ́n ń bi pé “ṣé ẹ fẹ́?” Níbí, ọba ni wọ́n ń gbẹnu sọ fún pé ó fẹ́ ẹ. Lójú tèmi, ìrìn tó jìn jù tí ọ̀rọ̀ yìí rìn nìyẹn, ó ju “mú gùn” tó di “fòpin sí” lọ.

Nítorí pé wọn kì í bi ilé léèrè, àwọn alágbára ti lò ó nílòkulò. Ní oṣù kọkànlá ọdún 1675, Ọba Charles Kejì sún ilé aṣòfin síwájú di oṣù kejì ọdún 1677. Oṣù mẹ́ẹ̀ẹ́dógún gbáko ni. Nígbà tí wọ́n wọlé padà, Shaftesbury àti Buckingham pẹ̀lú olóyè méjì mìíràn ní òfin àtijọ́ sọ pé ọdún kan kò gbọdọ̀ kọjá láìjókòó, nítorí náà ilé ti tú ká fúnra rẹ̀, ìbò tuntun ló kàn. Wọ́n rán àwọn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin lọ sí àtìmọ́lé ní Tower, ilé olódi ọba ní Lọ́ńdọ̀nù. Ẹ rí i pé ìyàtọ̀ “prorogue” sí “dissolve” kì í ṣe ọ̀rọ̀ inú gírámà nìkan. Ó lè ran ènìyàn lẹ́wọ̀n.

Ọdún 2019 ni ọ̀pọ̀ ènìyàn kọ́kọ́ gbọ́ ọ̀rọ̀ náà. Boris Johnson, olórí ìjọba Ìlú Ọba nígbà náà, gba Ọbabìnrin Elizabeth nímọ̀ràn ní ọjọ́ 28 oṣù kẹjọ pé kí ilé parí sáà rẹ̀, nígbà tí àríyànjiyàn Brexit, ìyẹn kí Ìlú Ọba kúrò nínú àjọ ilẹ̀ Yúróòpù, ṣì gbóná. Ní òru tó mọ́jú ọjọ́ 10 oṣù kẹsàn-án ni wọ́n ṣe ayẹyẹ tí mo ṣàlàyé lókè yẹn, wọ́n sì ní ó di ọjọ́ 14 oṣù kẹwàá. Ọ̀sẹ̀ márùn-ún nìyẹn, bẹ́ẹ̀ ọjọ́ bíi mélòó kan ló sábà máa ń jẹ́ láàárín sáà kan sí èkejì. Ní ọjọ́ 24 oṣù kẹsàn-án, adájọ́ mọ́kànlá ilé ẹjọ́ tó ga jù, tí Lady Hale jẹ́ olórí wọn, fẹnu kò láìsí ẹni tó yapa: ìmọ̀ràn náà kò bófin mu, torí pé ó dí ilé aṣòfin lọ́wọ́ iṣẹ́ rẹ̀ láìsí ìdí tó múná dóko. Wọ́n ní bí ẹni pé ìwé òfìfo ni àwọn ońṣẹ́ ọba mú wọ ilé. Ilé kò “prorogued” rárá nìyẹn, nítorí náà kò sí ohun tí wọ́n ń ṣí padà. Lọ́jọ́ kejì wọ́n wọlé jókòó.

Ní Kánádà náà, Stephen Harper, olórí ìjọba ibẹ̀ nígbà náà, ní kí wọ́n ṣe é ní ọjọ́ 4 oṣù kejìlá ọdún 2008 nígbà tí àwọn ẹgbẹ́ alátakò fẹ́ dìbò yọ ọ́, ó sì di ọjọ́ 26 oṣù kìn-ín-ní ọdún 2009. Ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2025, Justin Trudeau, tí òun náà jẹ́ olórí ìjọba ibẹ̀ nígbà yẹn, ṣe tirẹ̀ di ọjọ́ 24 oṣù kẹta.

Ní Nàìjíríà ńkọ́? Òfin ilẹ̀ wa ọdún 1963, tó tẹ̀ lé ìlànà Gẹ̀ẹ́sì, fún Ààrẹ lágbára láti “prorogue” ilé aṣòfin. Òfin ilẹ̀ ọdún 1999 kò fún Ààrẹ ní irú agbára bẹ́ẹ̀. Abala 63 ní ilé kọ̀ọ̀kan gbọdọ̀ jókòó fún ó kéré tán ọjọ́ 181 lọ́dún, abala 64 sì ní ọdún mẹ́rin lẹ́yìn ìjókòó àkọ́kọ́ ni ilé máa tú ká. Bí Sẹ́nétì Abuja bá lọ sinmi, “adjourn” ni wọ́n ṣe. Akọ̀ròyìn tó bá lo “prorogue” fún un ti wọ̀ ọ́ ní aṣọ aláṣọ. Ẹ má sì lò ó fún ẹjọ́ tí adájọ́ sún síwájú, tàbí ìpàdé ẹgbẹ́.

Pípè rẹ̀ máa ń da ènìyàn láàmú. Sílébù méjì péré ló ní, èkejì ni ẹ ó tẹnu mọ́, “ue” ìparí kò sì dún, bí kò ṣe dún nínú “league” àti “vague”. Bí ẹ bá fi “ed” sí i, “prorogued” ni. Bí ẹ bá fi “ing” sí i, “e” á kúrò: “proroguing”. Ọ̀rọ̀-orúkọ rẹ̀ ni “prorogation”, “g” ibẹ̀ sì le bíi ti “gate”. Ẹ ṣọ́ fóònù yín pẹ̀lú, ó lè bá yín yí i padà sí “prologue”, ọ̀rọ̀ Gíríìkì tí kò bá a tan. Tí ẹ bá rí “prorogation of jurisdiction” nínú ìwé àdéhùn òwò tàbí nínú òfin ilẹ̀ Yúróòpù, ẹ má rò pé wọ́n ti ilé ẹjọ́ pa o: ìtumọ̀ Látìn ló ṣẹ́kù síbẹ̀, pé àwọn tó ń bá ara wọn ṣòwò jọ fún ilé ẹjọ́ kan ní agbára lórí ọ̀rọ̀ wọn.

Òótọ́ sì ni ẹni tó sọ fún yín nípa “abrogate” àti “derogate” sọ. Inú “rogare” kan náà ni gbogbo wọn ti jáde. Bí wọ́n bá fi ìbéèrè ṣe òfin, ìbéèrè náà ni wọ́n fi ń bà á jẹ́. “Ab” ni “kúrò”: “abrogare” ni kí á bi ìlú bóyá kí òfin kan kúrò nílẹ̀. “De” ni “yọ nínú”. Modestinus, amòfin Róòmù, pààlà sáàárín wọn ní gbólóhùn kan tó ṣì wà nínú Digest tí Olú-ọba Justinian ní kí wọ́n kó jọ: “derogare” ni kí á gé apá kan òfin kúrò, “abrogare” ni kí á gbá gbogbo rẹ̀ dànù. Ààlà yẹn ṣì dúró. Abala 45 òfin ilẹ̀ wa gbà pé ní àsìkò pàjáwìrì, òfin lè “derogate” nínú ẹ̀tọ́ tí abala 33 àti 35 fún wa. Kò sọ pé ó lè “abrogate” wọn. Ẹ̀tọ́ náà ṣì wà, apá kan rẹ̀ ni wọ́n dín kù, ó sì ní ìwọ̀n. Lọ́yà tó bá fi ọ̀kan rọ́pò èkejì nínú ìwé ẹjọ́ ti fún alátakò rẹ̀ ní ohun tí kò béèrè.

Kì í ṣe òfin nìkan ni wọ́n ń “abrogate” ní Róòmù, wọ́n ń ṣe é sí ipò ènìyàn pẹ̀lú. Ní ọdún 133 ṣáájú ìbí Jésù, Tiberius Gracchus bi ìlú bóyá kí wọ́n gba ipò tíríbúnù lọ́wọ́ Octavius, alábàáṣiṣẹ́ rẹ̀. Ẹ̀yà márùndínlógójì ló ń dìbò, ọ̀kọ̀ọ̀kan. Nígbà tí mẹ́tàdínlógún ti dìbò lòdì sí Octavius, tó ku ẹyọ kan péré kí wọ́n ju ìdajì lọ, Gracchus dá ìbò dúró, ó dì mọ́ ọn, ó bẹ̀ ẹ́ níwájú gbogbo ènìyàn pé kí ó yí ọkàn padà. Octavius kọ̀, ẹ̀yà tó kàn sì dìbò.

“Arrogate” náà wà níbẹ̀: kí ẹnì kan gba ohun tí kì í ṣe tirẹ̀ mọ́ra. Ọ̀nà kan tí wọ́n ń gbà sọ ọmọ ọlọ́mọ di tẹni ní Róòmù ló ti wá, nígbà tí ẹni tí wọ́n fẹ́ gbà kò bá sí lábẹ́ bàbá mọ́. Wọ́n á bi ẹni tó ń gbà á, wọ́n á bi ẹni tí wọ́n ń gbà, wọ́n á sì bi ìlú. “Prerogative” ní tirẹ̀ jẹ́ ti ẹgbẹ́ olùdìbò tí wọ́n ń bi léèrè ṣáájú gbogbo ẹgbẹ́ yòókù. Ìbéèrè ṣáájú yìí ló di ẹ̀tọ́ pàtàkì tí ẹlòmíràn kò ní. Agbára tí ọba Gẹ̀ẹ́sì fi ń “prorogue” gan-an, “prerogative” ni wọ́n ń pè é.

Èyí tó ṣeé ṣe kó kan yín lápò ni “subrogate”. “Subrogare” ni kí á bi ìlú nípa ẹni tí yóò rọ́pò ẹlòmíràn. Ibẹ̀ náà ni “surrogate” ti wá. Nínú ìwé ínṣọ́ránsì ọkọ̀ yín, ẹ wo ibi tí wọ́n kọ “subrogation” sí. Ohun tó ń sọ ni pé bí ẹnì kan bá kọlu ọkọ̀ yín, tí ilé-iṣẹ́ ínṣọ́ránsì sì san owó àtúnṣe fún yín, wọ́n ti bọ́ sípò yín nìyẹn, wọ́n lè fi orúkọ yín béèrè owó náà lọ́wọ́ ẹni tó jẹ̀bi. Nítorí náà, ẹ má fọwọ́ síwèé kankan fún onítọ̀hún lójú pópó pé ọ̀rọ̀ ti parí láàárín yín, kí ẹ tó bá ilé-iṣẹ́ náà sọ̀rọ̀. Bí ẹ bá ti dárí jì í, ẹ̀tọ́ tí wọ́n fẹ́ gbà lọ́wọ́ yín kò sí lọ́wọ́ yín mọ́, wọ́n sì lè tìtorí rẹ̀ kọ̀ láti san owó yín, tàbí kí wọ́n ní kí ẹ dá èyí tí wọ́n ti san padà.